Ẹ̀wù Ọdẹ Tí Àwáwù Fọ̀

Àwọn tó gbé Mubarakah kò béèrè owó. Ibẹ̀ gan-an ni ẹ̀rù ti bẹ̀rẹ̀ sí í ba ìyá rẹ̀.

Ẹni tó bá béèrè owó, ẹ̀dá ni. Ó ní ikùn, ó ní ojúkòkòrò, ẹ lè jọ ná an bí ẹni ná iṣu. Ṣùgbọ́n ohùn tó bá Àwáwù sọ̀rọ̀ láàárọ̀ ọjọ́ náà kò ná nǹkan kan. Àwáwù ń sá láfún síwájú ilé rẹ̀ ní Alajue, ọyẹ́ ti bo gbogbo àdúgbò bí èéfín ìdáná, nígbà tí fóònù rẹ̀ dún. Orúkọ ọmọ rẹ̀ ló hàn lójú rẹ̀. Ó fi ìbínú gbé e, nítorí ọmọ tó jáde ní kùtù láti lọ wú ẹ̀gẹ́ lóko kò tíì dé.

"Mubarakah, ṣé inú poro ẹ̀gẹ́ lo sùn sí ni?"

"Ẹ kú àárọ̀, mà," ni ohùn ọkùnrin kan wí. "Ọmọ yín wà lọ́wọ́ wa. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pariwo."

Ẹ gbọ́ mi, ajínigbé tó ń kí ènìyàn! Ẹ̀rín fẹ́ pa Àwáwù, àmọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ kò bá a rín in. Ó jókòó gbì lórí láfún.

"Ta nìyẹn?"

"Ajíjà ni wọ́n ń pè mí."

Ta ni kò gbọ́ orúkọ Ajíjà rí? Nítorí rẹ̀ ni ọ̀kadà kì í gba ọ̀nà oko tó wà lẹ́yìn Sekona mọ́ bí oòrùn bá ti rẹlẹ̀. Orúkọ rẹ̀ làwọn ìyá fi ń dẹ́rù ba ọmọ tí kò bá fẹ́ jẹ ẹ̀kọ.

"Ẹ dákun, òun nìkan ni mo bí. Mo máa ta ilẹ̀, mo máa ta—"

"A ò fẹ́ owó, mà. Ẹ̀wù ọkọ yín la fẹ́."

"Ẹ̀wù wo?"

"Gbérí Bùràímọ̀. Ẹ̀wù ọdẹ tí wọ́n ní ọta ìbọn ń já bọ́ lára rẹ̀ bí yìnyín. Ẹ gbé e wá sétí odò Ọ̀ṣun, lẹ́yìn oko kòkó tí wọ́n pa tì, kí oòrùn ọ̀la tó wọ̀. Ẹ̀yin nìkan o. Bí mo bá rí ọdẹ kan lẹ́yìn yín, ẹ yáa lọ ra aṣọ funfun fún ọmọ yín."

Lẹ́yìn náà ni igbe Mubarakah já wọlé: "Màámi, ẹ má wá! Ẹ má—"

Fóònù kú.

*

Ká ní gbérí náà wà bí Bùràímọ̀ ṣe fi í sílẹ̀ ni, ọ̀rọ̀ ì bá mọ níwọ̀n. Ṣùgbọ́n Àwáwù ti fọ̀ ọ́.

Bẹ́ẹ̀ ni. Ó fọ̀ ọ́. Ó da ọṣẹ ẹlẹ́búlẹ́bú sí i, ó bọ́ ọ, ó fún un, ó sì sá a sórí okùn láàárín ìró àti ṣòkòtò.

Bí Mùsùlùmí bá kú láwọn agboolé Ẹdẹ, aṣọ rẹ̀ kì í pẹ́ nílé. Wọn á fọ̀ wọ́n mọ́ tónítóní, wọn á fi ṣe sàráà fún ẹni tí kò ní. Lẹ́yìn fídáù Bùràímọ̀, Àwáwù kó gbogbo aṣọ ọkọ rẹ̀ da sínú ọpọ́n. Omijé kò jẹ́ kó mọ èyí tó jẹ́ agbádá yàtọ̀ sí èyí tó jẹ́ gbérí. Ìgbà tí omi ọpọ́n pọ́n bí osùn, tí àdó kékeré kan sì léfòó bí ọmọ pẹ́pẹ́yẹ, ni ojú rẹ̀ tó là. Ẹ̀pa kò bóró mọ́. Oògùn inú àdó ti dà sílẹ̀, ewúrẹ́ ilé sì ti lá a. Ewúrẹ́ náà kò kú o. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ yẹn, kò ké mọ́. Ó kàn máa ń wo ènìyàn ni.

Àwáwù fi òwú dúdú rán owó ẹyọ àti àdó padà sójú ààyè wọn, ó gbé ẹ̀wù náà kọ́ sí àjà, ó sì pa ẹnu mọ́. Kí ni ì bá sọ? Pé òun ti sọ ẹ̀wù akọni di aṣọ ìnujú?

Bí ó bá gbé òkú ẹ̀wù lọ, tí Ajíjà dán an wò, ọmọ rẹ̀ kú. Bí kò bá gbé nǹkan kan lọ, ọmọ rẹ̀ kú.

*

Nínú igbó, Ajíjà alára kò ríbi jókòó.

Etí rẹ̀ òsì ń ta á. Ọta ọdẹ kan ló já a jẹ níbẹ̀ lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọta tí kò yẹ kó mọ ọ̀nà ara rẹ̀ rárá. Tẹ́lẹ̀, bí ewu bá ń bọ̀, ońdè tó so mọ́ ìbàdí á gbóná, á máa rìn lábẹ́ aṣọ bí aláǹgbá. Ní báyìí, ó tutù bí àtẹ́lẹsẹ̀ òkú. Ó ti jẹ ohun tí wọ́n ní kó má jẹ. Kò sọ fún ẹnì kan.

Ṣùgbọ́n igbákejì rẹ̀, ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí kì í sábà ṣẹ́jú, ti ń wo etí náà ju bó ṣe yẹ lọ.

"Ọ̀gá, etí yín ò tíì jinná?"

"Ẹ̀gún ló fà á ya."

"Ẹ̀gún." Ọkùnrin náà rẹ́rìn-ín. "Ẹ̀gún igbó yìí ti wá ń rùn bí ẹ̀tù o, Ọ̀gá."

Nínú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀, ọjọ́ tí ọ̀gá bá ti di ẹni tó ṣeé pa ni wọ́n ń pa á. Ajíjà mọ̀. Bí òun náà ṣe gba ipò nìyẹn.

Ó lọ dúró síwájú Mubarakah, tí wọ́n so mọ́ ìdí igi kòkó kan.

"Ṣé òótọ́ ni pé ìbọn ò ran bàbá ẹ?"

Ètè Mubarakah ti bó nítorí ọyẹ́, àmọ́ ẹnu rẹ̀ kò tíì bó. "Orí ẹní ni bàbá mi kú sí. Ìwọ ò ní rí ẹní."

Afẹ́fẹ́ kan kọjá láàárín wọn, ó fọn bí fèrè. Ajíjà gbójú sókè. Kò sí ewé kan tó mì.

*

Àwáwù wọ gbérí náà sára, ó gbé híjáàbù dúdú lé e, ó gun ọ̀kadà wọ Ẹdẹ, ó di ilé Alfa Salman. Alfa yìí ló máa ń ṣe hàǹtú fún wọn nígbà ayé Bùràímọ̀. Ó kọ́kọ́ ro ẹjọ́ ọmọ rẹ̀ fún un. Lẹ́yìn náà ló wọ́ híjáàbù sókè.

"Alfa, mo fẹ́ kẹ́ ẹ bá mi jí ẹ̀wù yìí dìde."

"Kí ló ṣe é?"

"Mo fọ̀ ọ́."

Alfa gbé tẹ̀sùbáà sílẹ̀. "Ẹ fọ kí ni?"

"Mo fi ọṣẹ fọ̀ ọ́, Alfa."

"Ṣé ẹ ṣan án?"

"Dáadáa."

"Lá háwlá! Ìyá Mubarakah, ẹ ò bá kúkú lọ̀ ọ́, kẹ́ ẹ wá fín lọ́fínńdà sí i." Ẹ̀rín ti ń gbọ̀n án níkùn, àfi ìgbà tó rí ojú obìnrin náà. Ẹ̀rín náà kú sí i lọ́fun. Ó rọra sọ̀rọ̀. "Ohun tí Bùràímọ̀ fi ṣe ẹ̀wù yẹn, mi ò mọ̀ ọ́n. Mi ò sì fẹ́ mọ̀ ọ́n. Mi ò lè jí i. Ara tó wọ̀ ọ́ nìkan ni mo lè ṣe nǹkan sí."

Ó kọ̀wé kún wàláà, ó fi omi fọ̀ ọ́ sínú abọ́, ó gbé e fún un. Ó korò ju ewúro lọ.

"Kí ló máa ṣe fún mi, Alfa?"

"Ọlọ́run ló mọ̀. Ẹ mu ún tán."

Bí Àwáwù ṣe ń gbé abọ́ sílẹ̀, ojú rẹ̀ bọ́ sára wàláà náà. Ó ti funfun báláú tẹ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n tàdáwà ti tún ń yọ lójú rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, bí òógùn ṣe ń yọ níwájú orí, kì í sì í ṣe ohun tí Alfa kọ ló ń yọ. Alfa yára da ojú wàláà bolẹ̀.

"Ẹ máa lọ sílé," ni ó wí. Kò wo ojú rẹ̀.

*

Ìgbà tó délé, olórí ọdẹ ti jókòó sẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ pẹ̀lú ìbọn lórí itan. Olúmúyìwá lorúkọ rẹ̀. Lọ́jọ́ Ìsinmi, ẹgbẹ́ akọrin ìjọ Áńgílíkà ló máa ń bá kọrin. Lọ́jọ́ Ajé, yóò so ońdè mọ́ apá. Òun àti Bùràímọ̀ jọ ṣọdẹ títí irun fi funfun lórí àwọn méjèèjì.

"Ìyàwó wa, gbé gbérí yẹn wá."

"Gbérí wo, Bàbá?"

"Má fọgbọ́n ọmọdé bá mi sọ̀rọ̀. Alfa ti pè mí. Bí Ajíjà bá fi lè wọ ẹ̀wù yẹn, ta ló kù tó máa dá a dúró? Àwọn ọmọ tó ń gba ọ̀nà Sekona lọ síléèwé, ṣé ẹnì kankan ò bí wọn ni? Fún mi. Èmi ni n ó wọ̀ ọ́ wọ igbó lọ gba Mubarakah."

Àwáwù wo arúgbó náà. Alfa kò tíì sọ ti ọṣẹ fún un. Bí ó bá gbà á, inú òkú ẹ̀wù ni yóò wọ̀ lọ pàdé ìbọn, yóò sì máa rẹ́rìn-ín lọ.

"Mi ò mọ ibi tó wà, Bàbá."

Olúmúyìwá wọlé. Ó tú àpótí, ó gun àjà, ó sọ̀ kalẹ̀ pẹ̀lú dúdú èéfín lórí imú. Ní gbogbo ìgbà yẹn, Àwáwù dúró sójú kan, owó ẹyọ ń gún un níhà lábẹ́ híjáàbù, kò lè mí kanlẹ̀.

"Ó jọ pé o sanra lónìí."

"Ìrònú ló wú mi, Bàbá."

Arúgbó náà gbé ìbọn rẹ̀. Kò ní ìbínú lójú mọ́, ìbànújẹ́ ló kù níbẹ̀. "Àwáwù, ìlú pọ̀ ju ọmọ kan lọ."

"Ìlú kọ́ ni mo pọ̀n, Bàbá. Ọmọ kan ni mo pọ̀n."

*

Lọ́jọ́ kejì, ọyẹ́ náà kò ká. Oòrùn ọ̀sán rí bí abọ́ tí wọ́n gbàgbé sínú omi ọṣẹ. Àwáwù gba inú oko kòkó kọjá, ewé gbígbẹ ń fọ́ lábẹ́ bàtà rẹ̀, ó ń gbọ́ ẹlòmíì tó ń rìn bí òun bá ń rìn, tó sì ń dúró bí òun bá dúró. Kò wẹ̀yìn.

Létí odò, wọ́n yọ sí i láti inú ìkùukùu.

"Ẹ kú ìrìn, mà," ni Ajíjà wí.

"Ọmọ mi dà?"

Wọ́n fà á jáde. Ó ń tiro, ṣùgbọ́n ó wà láàyè. Àwáwù bọ́ híjáàbù, ó bọ́ gbérí, ó na ọwọ́. "Ó dáa. Ẹ gbà. Ẹ fún mi lọ́mọ mi."

"Ẹ ní sùúrù, mà. A ní láti dán an wò."

"Ara ewúrẹ́ ni wọ́n ti ń dán an wò."

"A ti jẹ ewúrẹ́ wa lánàá. Ara ọmọ yín la máa lò."

Wọ́n ti gbé ẹ̀wù náà dé èjìká Mubarakah kí ohùn tó jáde lẹ́nu Àwáwù.

"Ẹ dúró! Ṣé ẹ fẹ́ bà á jẹ́ ni? Ọmọ yẹn ń ṣe nǹkan oṣù!"

Yéè! Àwọn ọkùnrin tó ti pa ènìyàn láìṣẹ́jú fò sẹ́yìn bí ẹni tẹ paramọ́lẹ̀. Ọ̀kan ju ẹ̀wù náà sílẹ̀. Òmíràn ń fi ewé nu ọwọ́ nù.

"Ṣé òótọ́ ni?" Ajíjà bi ọmọbìnrin náà.

"Láti àná," ni Mubarakah dáhùn. "Ó sì pọ̀."

Àwáwù ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ mí ni igbákejì Ajíjà sọ̀rọ̀ láti ẹ̀yìn. "Ìyá ńkọ́? Tiwọn ṣáà ti dá."

Gbogbo ojú yí padà sí i.

Bẹ́ẹ̀ ni ó ṣe tún gbérí náà wọ̀, tó fi ẹ̀yìn ti igi. Ajíjà gbé ṣakabùlà sójú. Ẹnu ìbọn náà gbòòrò bí ẹnu ihò òkété.

"Ẹ má bínú, mà."

"Mubarakah, di ojú rẹ." Ó bẹ̀rẹ̀ kálímà. Kò tíì parí rẹ̀ nígbà tí Ajíjà fa ìbọn.

Kẹ́.

Ó tún un fà. Kẹ́.

Ajíjà wo ìbọn náà, ó gbé e sọ́run, ó fà á. GBÒÀ! Ẹ̀ka igi kan já wálẹ̀, ẹyẹ fọ́n káàkiri.

Lẹ́yìn náà, ọ̀kọ̀ọ̀kan, àwọn ìgárá náà dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ síwájú opó tó ń ta láfún. Ajíjà ń rẹ́rìn-ín, omijé ń dà lójú rẹ̀. "Ó wà láàyè! Ẹ bọ́ ọ fún mi, mà. Ẹ bọ́ ọ!"

Ọwọ́ Àwáwù dé ọrùn ẹ̀wù náà, ó dúró síbẹ̀. Kí ló ṣẹlẹ̀? Ṣé ìrì ló wọnú ìbọn ni, àbí hàǹtú Alfa? Ṣé Bùràímọ̀ ni? Òkú ẹ̀wù ló gbé wá fi gba alààyè ọmọ. Bí ẹ̀wù náà bá tún wá jí ńkọ́? Ó rí i lójú inú: Ajíjà nínú gbérí yìí lójú ọ̀nà Sekona, báàgì iléèwé nílẹ̀ káàkiri.

Ó sọ ọwọ́ kalẹ̀.

"Ìwọ!" Kì í ṣe Ajíjà ló ń bá wí. Igbákejì rẹ̀ ló nàka sí. "Tú ọmọ mi."

Ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ náà wo ìyá, ó wo etí ọ̀gá rẹ̀. Ó tú okùn.

Àwáwù ti ọmọ rẹ̀ sẹ́yìn. Ẹni bá kẹ̀yìn sí ẹkùn ti di ẹran, nítorí náà kò kẹ̀yìn sí wọn. Ó ń fi ẹ̀yìn rìn lọ, ó kọjú sí ìbọn, Mubarakah di ìró rẹ̀ mú, ó ń tọ́ ọ sọ́nà: "Gbòǹgbò, Màámi. Ẹ gbẹ́sẹ̀. Kòtò, ẹ yà sótùn-ún."

"Ẹ yìnbọn!" Ajíjà pariwo. Kò sẹ́ni tó gbé ìbọn. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ki tirẹ̀ fúnra rẹ̀. Ẹ̀tù ń dà sí i lẹ́sẹ̀. Ó fi ọ̀pá gún un, ó gún un. Bí ẹ̀wù yẹn bá lọ, òun náà lọ nìyẹn.

"Ẹ yára, Màámi."

"Má sáré. Ẹni bá sáré ti jẹ́wọ́."

GBÒÀ!

Ó dà bí ẹni pé wọ́n da epo gbígbóná sí i níhà. Nígbà yẹn ló mọ̀ dájú pé ohun tí òun fọ̀, òun fọ̀ ọ́ mọ́. Ẹ̀wù kò jí. Bí òun bá ṣubú báyìí, àwọn méjèèjì ló ṣubú.

Ni Àwáwù bá rẹ́rìn-ín.

Kì í ṣe ẹ̀rín músẹ́ o. Ẹ̀rín ìyá ọkọ tó gbọ́ pé ìyàwó jó ọbẹ̀ ni, ó ń lọ, ó ń bọ̀ nínú igbó. "Ajíjà! Ṣé ẹ̀tù lo kì síbẹ̀ ni, àbí àgbàdo yíyan? Tún un yìn!"

Àwọn ìgárá kò dúró gbọ́ ìyókù. Wọ́n já igbó, wọ́n fi bàtà sílẹ̀. Ẹnì kan ṣoṣo ni kò sá. Igbákejì náà yọ àdá, ó rọra ń rìn lọ bá Ajíjà.

"Jẹ́ n wo etí rẹ dáadáa," ni ó wí.

Ìkùukùu bò wọ́n. Ohun tí ìyá àti ọmọ gbọ́ lẹ́yìn ìyẹn, wọn kò jẹ́ sọ ọ́ fún ẹnì kan.

*

Ní ìpẹ̀kun oko kòkó ni wọ́n ti kan Olúmúyìwá àtàwọn ọdẹ rẹ̀. Láti àárọ̀ ni wọ́n ti ń tẹ̀ lé ipasẹ̀ rẹ̀, tí ọyẹ́ sì ń yí wọn po.

"Ìbọn dún lẹ́ẹ̀mejì!" Arúgbó náà ṣí fìlà. "O sì ń rìn! Gbérí Bùràímọ̀! Ó ṣì ń jẹ́!"

Àwọn ọdẹ hó yèè. Àwáwù fa Olúmúyìwá mọ́ra bí ẹni tó fẹ́ dì mọ́ ọn, ó gbá a lọ́wọ́ mú, ó fi kan ìhà òun. Ọwọ́ náà jáde ní pupa.

"Mo fọ̀ ọ́, Bàbá," ni ó sọ sí i létí.

"O fọ̀ ọ́?"

"Mo fọ̀ ọ́. Bí wọ́n bá mọ̀ pé ọta wọlé, wọ́n á padà wá gbé ọmọ ẹlòmíì. Ibà ló ń ṣe mí. Ṣé ẹ gbọ́? Bí mo bá kú, ibà ló pa mí."

Arúgbó náà fi ọwọ́ ẹlẹ́jẹ̀ náà sápò. Mubarakah tú ìró òkè rẹ̀, ó fi gbá ìyá rẹ̀ níkùn gírígírí, ó bọ́ híjáàbù ara rẹ̀ lé e, kò sunkún. Wọ́n fi í sáàárín ara wọn, wọ́n jáde sí Sekona.

Ìròyìn ti ṣáájú wọn débẹ̀. Àwọn oníkẹ̀kẹ́ ń fun fèrè, àwọn obìnrin ń jó bọ̀. "Ìyá tí ìbọn ò ràn! Ìyá tí ìbọn ò ràn!"

"Kí ló wá ṣe wọ́n tí wọ́n ń gbọ̀n?" ni ẹnì kan béèrè.

"Ibà ni," ni Mubarakah dáhùn, ó sì rẹ́rìn-ín sí i.

"Ẹ wá àgbo dọ́ńgóyárò fún wọn o!"

"Ibi tá à ń lọ náà nìyẹn," ni Olúmúyìwá wí, ó sì sọ fún oníkẹ̀kẹ́ sí etí pé ilé ìwòsàn ni, kó sáré.

Kẹ̀kẹ́ gbéra. Àwọn ènìyàn sáré tẹ̀ lé e, wọ́n ń kọrin. Láti ẹ̀yìn kẹ̀kẹ́, Àwáwù ń juwọ́ sí wọn, ó ń juwọ́, títí wọ́n fi yí kọ́nà. Kò sẹ́ni tó rí i nínú wọn pé Mubarakah ló ń bá a gbé ọwọ́ náà sókè.